Orúkọ Onílé Nínú Orin Òjò

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ júbà adùn kan tó ju oyin lọ: kí ènìyàn gbọ́ orúkọ ara rẹ̀ nínú orin. Kékeré ni mo wà ní Mushin nígbà tí mo rí ohun tó ń ṣe fún àgbàlagbà. Ọrùn á nà, agbádá á fẹ̀ sí i, ẹni tí orúnkún ń dùn á sì bẹ̀rẹ̀ sí í jó.

Lókè ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí à ń gbé, ọ̀dọ́mọkùnrin kan wà níbẹ̀ tí àwa ọmọdé ń pè ní Ẹ̀gbọ́n Onígìtá. Kò sẹ́ni tó kọ́ ọ ní gìtá. Á fetí sí rédíò aládùúgbò, á máa wá ohùn náà kiri lórí okùn títí yóò fi rí i. Iṣẹ́ télọ̀ ló kọ́, ṣùgbọ́n ara rẹ̀ kì í balẹ̀ nídìí máṣíìnì.

Páànù orí yàrá rẹ̀ ń jò. Ẹ̀yin ọmọ òde òní, pákó fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ni gìtá, omi sì ni ọ̀tá rẹ̀. Bí òjò bá ti bẹ̀rẹ̀, a ó máa gbọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ lókè: ó gbé gìtá mọ́ àyà, ó ń sá láti igun dé igun. Ó bẹ onílé títí. Onílé ní òun máa pe káfíńtà. Káfíńtà ọ̀hún, àwa ò rí i.

Ni Ẹ̀gbọ́n bá fi ọ̀rọ̀ náà kọrin. Kò bú ẹnikẹ́ni. Ó kàn ní òjò kì í kan ilẹ̀kùn kó tó wọlé òun, páànù ti di asẹ́, kí onílé gba òun o. Orin náà dùn. Onílé gbọ́ ọ láti ìsàlẹ̀, ó gòkè wá, ó ní òun á bá a gbé e sí àwo, kó sáà fi orúkọ òun sí i. Ẹ̀gbọ́n rò ó: bí onílé bá gbọ́ orúkọ rẹ̀, bóyá á gbọ́ ìyókù. Ibi tí páànù ti di asẹ́ gan-an ló fi í sí.

Àwo jáde. Onílé gbé girámáfóònù sí fáráńdà, ó ń jó. Àwa ayálégbé ń jó jù ú lọ, ó rò pé ìfẹ́ ni. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan fà á sẹ́gbẹ̀ẹ́.

"Alhaji, ṣé o gbọ́ nǹkan tí ọmọ yìí ń sọ?"

"Mo gbọ́ orúkọ mi. Ìwọ, ta ló kọrin fún ẹ rí?"

Kí ọ̀sẹ̀ tó parí, ọ̀rẹ́ náà ti wá bá Ẹ̀gbọ́n pé òun náà nílé ní Yaba.

Bó ṣe di olókìkí nìyẹn. Àwọn onílé ń pè é láti Ọ̀yìngbò dé Surulere. Ṣùgbọ́n páànù wa ò gbọ́ orin. Lọ́jọ́ kan tó jáde, òjò wọlé bá gìtá lórí bẹ́ẹ̀dì, ikùn rẹ̀ wú bíi búrẹ́dì tó já sómi. Ó gbé e wá fi han ìyá mi, ó ní, "Mọ́mì, ẹ wò ó. Wọ́n ṣì ń jó nísàlẹ̀." Ó kó jáde. Mo gbọ́ pé ó ra òmíràn, ṣùgbọ́n kò sí ilé tó gbé pẹ́ mọ́.

Ayé ti yí. Fóònù ni àwọn ọmọ ìsinsìnyí fi ń gba orin wọn sílẹ̀, wọn ò nílò onílé kankan. Èmi náà ti kọ́lé sí Surulere, mo sì ní ayálégbé lókè, ọmọbìnrin kan tó ń kọ́ ara rẹ̀ ní gìtá. Lóṣù tó kọjá, bí òjò ṣe ń rọ̀, mo gbọ́ orin rẹ̀ tuntun, mo gun àtẹ̀gùn lọ bá a.

Ó ní, "Dádì, ṣé ẹ ti gbọ́ ọ̀rọ̀ inú ẹ̀?"

Mo ní ohùn rẹ̀ ti tó. Mo sì sọ orúkọ mi fún un.