Yàrá Oòrùn ní Baruwa

Iṣẹ́ ìmọ́lẹ̀ ni mò ń ṣe. Tí mo bá sọ bẹ́ẹ̀ fún ará Ìdímù, á bi mí bóyá iná sólà ni mò ń so. Mi ò bá wọn jiyàn mọ́. Yàrá ni mo máa ń fi ìmọ́lẹ̀ kún, kí ẹni tó bá wọlé lè dúró sí àárín rẹ̀, kó gbàgbé ibi tó ti ń bọ̀.

Ti Baruwa, màámi ni mo ṣe é fún. Ilé adìyẹ àtijọ́ kan ni mo háyà. Mo fi ìṣó lu ihò sí páànù òrùlé rẹ̀ káàkiri, mo fi aṣọ dúdú dí gbogbo fèrèsé, mo wá fi okùn so àfọ́kù gíláàsì aláwọ̀ oríṣiríṣi sábẹ́ àwọn ihò náà. Tí oòrùn bá ti là, pupa, àwọ̀ ewé àti àwọ̀ aró á bo gbogbo ògiri.

Tíṣà ni màámi ní Èkìtì kó tó fẹ̀yìn tì, tó wá ń gbé lọ́dọ̀ mi ní Akowonjo. Dókítà ti sọ fún wa pé àrùn ojú rẹ̀ kò gbóògùn mọ́, pé ohunkóhun tí mo bá fẹ́ kó rí, kí n tètè fi hàn án. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni màámi ní kí n mú òun lọ. "Kò tíì parí, Màámi," ni mò ń wí ṣáá. Gíláàsì kan ò wù mí, okùn kan gùn jù. Orí kunkun lásán ni, èmi ń pè é ní iṣẹ́ ọnà. Títí di òní ni mo ṣì ń bínú sí ara mi.

Ọ̀sán Sátidé kan ni mo wá gbé e wọ kẹ̀kẹ́ lọ. Mo mú un jókòó sórí àga láàárín yàrá. Pupa bà lé gèlè rẹ̀.

"Ó mà dára o," ó ní. "Gbogbo àwọ̀ yìí! Ìwọ nìkan lo dá ṣe é?"

Inú mi dùn débi pé omi fẹ́ bọ́ lójú mi. Àfi bí òjò ṣe ṣú lójijì, tí ìkùukùu bo oòrùn. Gbogbo àwọ̀ pòórá lára ògiri àti lára gèlè. Fírífírí ni mò ń rí ojú màámi. Mo fẹ́ sọ fún un pé kó ṣe sùúrù, oòrùn á padà.

Ó ṣì gbójú sókè, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń nawọ́ sí ògiri.

"Wo èyí tó pupa yẹn," ó ní. "Ìyẹn ló wù mí jù jàre. Àbí o ò rí bó ṣe ń tàn?"

Ìgbà yẹn ló yé mi. Ohun tí mo ti ròyìn fún un nílé ló ń sọ padà fún mi, kí inú mi lè dùn. Mo ti pẹ́ jù.

"Mo rí i, Màámi."

Ó di ọwọ́ mi mú, ó ní ká jókòó díẹ̀ sí i, pé ìmọ́lẹ̀ náà ń tu òun lára. A jókòó síbẹ̀ títí òjò fi bẹ̀rẹ̀ sí í kán sí wa lára, láti inú ihò tí mo fi ọwọ́ ara mi lu.