Ibi Tí Àbúrò Rẹ̀ Ti Sunkún

Gbogboṣe ni wọ́n ń pè é nídìí iṣẹ́ fíìmù, orúkọ náà sì bá a mu. Ó ti rán aṣọ òṣèré, ó ti kun ojú wọn, ó ti gbé ọ̀pá makirofóònù títí apá rẹ̀ fi kú tipiri. Bí orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ bá ń kọjá níparí eré, tirẹ̀ á yọ nígbà mẹ́rin. Ta ló ń dúró kà á? Àwọn èèyàn á ti dìde.

Àbúrò rẹ̀ obìnrin kò mọ nǹkan kan nínú iṣẹ́ náà. Kọ́kọ́rọ́ ilé ló wá gbà lọ́wọ́ rẹ̀ lọ́jọ́ tí òṣèré kan ò wá. Olùdarí wo ojú rẹ̀, ó ní kó dúró síbẹ̀ kó sọ gbólóhùn méjì. Láàárín ọdún mẹ́ta, àwọn èèyàn ti ń dá a dúró lójú títì láti bá a ya fọ́tò. Ẹ̀gbọ́n ni wọ́n ń na fóònù sí: "Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa yà á." Á yà á, á rẹ́rìn-ín, inú rẹ̀ á sì máa ta á bí ẹni fi ata sójú egbò.

Ó wá kàn án láti to fíìmù tuntun àbúrò rẹ̀ pọ̀ lórí kọ̀ǹpútà. Ibì kan wà tí ọmọ náà ti sunkún lẹ́nu ọ̀nà, ẹkún tí kò ṣeé fẹnu ròyìn. Gbogboṣe wò ó lẹ́ẹ̀mẹta. Ó gé e kúrò.

Lọ́jọ́ tí wọ́n jọ wo iṣẹ́ náà, àbúrò ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ibi tí mo ti sunkún dà?"

"Ohùn ibẹ̀ ò dáa."

"Ṣebí ẹ̀yin lẹ gba ohùn ọjọ́ yẹn?"

Olùdarí yíjú sí i. "Gbogboṣe, jẹ́ ká gbọ́ ọ."

Kò síbi tó máa sá gbà. Ohùn náà mọ́ gaara. Wọ́n gbọ́ mímí, wọ́n gbọ́ bó ṣe ń fa imú. Iṣẹ́ tó fi ogún ọdún kọ́, òun náà ló fẹnu ara rẹ̀ bà á jẹ́. Olùdarí ní kí Gbogboṣe dá ibẹ̀ padà sáàyè rẹ̀.

Àbúrò tẹ̀lé e jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀.

"Kí ni mo fi ṣe yín?"

"O ò fi nǹkan kan ṣe mí. Ìlara ni."

Oṣù méjì ni ọmọ náà ò fi pè é. Nígbà tó pè, ó ní àwọn fẹ́ bẹ̀rẹ̀ fíìmù mìíràn, òun ò sì fẹ́ kí ẹlòmíràn gba ohùn òun. "Ṣùgbọ́n ẹ ò ní gé e o."

Gbogboṣe gbà. Inú rẹ̀ ò tíì rọ̀ tán, ṣùgbọ́n ó gbà.