Eré Ìkórè Tí Mo Kọ Lẹ́yìn Aṣọ

Kí n tó di ẹni tó ń kọ eré fún tẹlifíṣọ̀n ní Ìbàdàn, ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Èjìgbò ni mo ti kọ́ iṣẹ́ náà. Tíṣà ni mí nígbà náà, n kò tíì lọ́kọ. Lọ́dọọdún, èmi ni mo ń kọ eré ìkórè, ṣùgbọ́n ẹ̀yìn aṣọ ìkélé tí a ta síwájú ìtàgé ni mo máa ń dúró sí, tí mo ń rán ẹni tó bá gbàgbé ọ̀rọ̀ létí. Àwọn ará ìjọ rò pé olùkọ́ ìjọ ló ń kọ ọ́. Ìyẹn tẹ́ mi lọ́rùn.

Lọ́dún kan, mo kọ eré nípa ọkùnrin kan tó lọ sí Àbíjàn, tó gbàgbé ìyàwó rẹ̀ sílé. Nígbà tó padà dé, ó kanlẹ̀kùn, ìyàwó kò ṣí i. N kò fi bá ẹnikẹ́ni wí. Irú ọkùnrin bẹ́ẹ̀ pọ̀ nílùú wa. Àfi bí ọ̀kan nínú wọn ṣe dé lọ́sẹ̀ ìkórè gan-an! Ọmọ ìjọ wa sì ni ìyàwó rẹ̀.

Mo tọ olùkọ́ ìjọ lọ.

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ ká fi eré yìí sílẹ̀. Wọn á ní ọkùnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Àbíjàn dé yẹn la fi ń ṣe yẹ̀yẹ́."

Ó rẹ́rìn-ín. "Ṣé o dárúkọ rẹ̀ ni? Lọ fọkàn balẹ̀, ọmọ mi."

Lọ́jọ́ ìkórè, mo yọjú wo èrò. Ọkùnrin náà ló jókòó síwájú pátápátá. Nígbà tí ìyàwó inú eré ní òun kò ní ṣílẹ̀kùn, ọkùnrin náà dìde fùú.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kó ṣí i!"

Ọmọbìnrin tó ń ṣe ìyàwó yíjú sọ́dọ̀ mi, ó ń retí ohun tí n ó ní kó wí.

Ìyàwó ọkùnrin náà gan-an ló dìde láàárín àwọn obìnrin. Kò pariwo.

"Ilé bàbá mi ni mo wà, ní Ìsundúnrin. Ẹ mọ ọ̀nà ibẹ̀. Ẹ má bá mi sọ̀rọ̀ nínú eré."

Ó jókòó, ó tún gèlè rẹ̀ wé. Olùkọ́ ìjọ sáré dá orin, a sì gbè é.

Lọ́jọ́ kejì, obìnrin náà wá bá mi ní iléèwé.

"Tíṣà, ìwọ lo kọ ọ́. Mo rí ẹsẹ̀ rẹ lábẹ́ aṣọ."

"Ẹ má bínú, mà."

"N kò bínú. Ìyókù ni mo wá gbọ́. Kí ni obìnrin inú eré yẹn wá ṣe?"

"N kò mọ̀, mà."

Ó mí kanlẹ̀. "Èmi náà ò tíì mọ̀."

Ọkọ rẹ̀ kó àgbààgbà lọ bẹ àwọn àna rẹ̀, wọ́n lé e padà. Kò lọ sí Àbíjàn mọ́. Ó ń lọ bá bàbá ìyàwó rẹ̀ ro oko. Kí iṣu tuntun tó jáde, obìnrin náà ti kó ẹrù rẹ̀ padà sílé ọkọ.