Bàbá Olómi Tó Ń Pín Íńtánẹ́ẹ̀tì

Títí di òní, bí wọ́n bá dárúkọ Bàbá Olómi ládùúgbò, ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù yẹn ni wọ́n kọ́kọ́ máa ń sọ. Èèyàn méjìlá ló kún pálọ̀ rẹ̀ lọ́jọ́ náà. Àṣekágbá ni, ó sì ku pẹnáritì kan ṣoṣo. Agbábọ́ọ̀lù gbé ẹsẹ̀ sókè báyìí, ni tẹlifíṣọ̀n bá dúró gbagidi. Ẹsẹ̀ ọ̀gbẹ́ni wà lókè, kò sọ̀ kalẹ̀ mọ́.

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa ṣí i," ni àkọ́bí rẹ̀, tó jẹ́ mẹkáníìkì, ń bẹ̀ ẹ́.

"Tẹlifíṣọ̀n ti jẹ ìpín íńtánẹ́ẹ̀tì tirẹ̀ tán fún òní." Bẹ́ẹ̀, òun gan-an ló fẹ́ wo bọ́ọ̀lù náà ju gbogbo wọn lọ. "Òfin tí mo fọwọ́ ara mi ṣe, ṣé kí n tún fọwọ́ ara mi tú u?"

Ariwo ilé kejì ni wọ́n fi mọ̀ pé bọ́ọ̀lù ti wọlé.

Ọgbọ̀n ọdún ni Bàbá fi ṣiṣẹ́ omi ẹ̀rọ. Òun ló ń ṣí omi sí òpópónà kan, tó ń tì í mọ́ òmíràn, kí gbogbo ilé lè rí pọn. Nígbà tó fẹ̀yìn tì, tí íńtánẹ́ẹ̀tì wọ ilé rẹ̀, tó rí i pé bí ẹnìkan bá ń wo fíìmù, ti àwọn yòókù á máa rìn bí ìgbín, ó ní iṣẹ́ òun àtijọ́ kúkú nìyí. Ó fi ọ̀sẹ̀ kan kọ́ bí wọ́n ṣe ń díwọ̀n ohun tí fóònù àti kọ̀ǹpútà kọ̀ọ̀kan lè fà, ó sì sọ gbogbo wọn lórúkọ. Ẹ̀rọ géèmù àkọ́bí ń jẹ́ Ọ̀kánjúwà. Fóònù ìyàwó rẹ̀ ń jẹ́ Má-fọwọ́-kàn-án, torí ó ti díwọ̀n rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan rí, oúnjẹ alẹ́ sì pẹ́ púpọ̀ lọ́jọ́ náà.

Ẹ̀gbọ́n ìyàwó rẹ̀ wá kí wọn, ó béèrè páásíwọ̀ọ̀dù. Bàbá mú ìwé àti bírò jáde.

"Kí lẹ fẹ́ fi ṣe?"

"Mo kàn fẹ́ kí àwọn ará ilé mi ni."

"Ìṣẹ́jú mélòó lẹ fi ń kí wọn?"

Ọkùnrin náà kí wọn ní ìṣẹ́jú mẹ́rin, ó sì lọ sùn sí òtẹ́ẹ̀lì.

Àbíkẹ́yìn, tó jẹ́ nọ́ọ̀sì, ló ń bá a jà jù. "Bàbá, èyí tí ẹ fún mi yìí ò tó nǹkan kan."

"Àjọjẹ ò dùn bẹ́nìkan ò ní," ni Bàbá á fèsì. "Ọjọ́ tó o bá nílò rẹ̀, wàá rí i."

Àìsàn ọjọ́ mẹ́ta péré ló mú Bàbá lọ, páásíwọ̀ọ̀dù ẹ̀rọ tó fi ń pín íńtánẹ́ẹ̀tì sì bá a lọ. Ó wá ku oṣù méjì kí nọ́ọ̀sì ṣe ìdánwò ńlá kan, èyí tí wọ́n á fi fídíò bi í ní ìbéèrè nínú ilé wọn. Ó ti fọjọ́ rẹ̀ han Bàbá tipẹ́. Bí àwòrán bá já, ó di ọdún tó ń bọ̀, dátà fóònù kì í sì í dúró ní yàrá rẹ̀. Wọ́n gbìyànjú orúkọ ìyá wọn. Wọ́n gbìyànjú gbogbo òpópónà tí Bàbá ti ṣí omi sí rí. Ẹ̀rọ náà kọ̀ jálẹ̀, bí ẹni tó ni ín.

Nígbà tí ọjọ́ pé, ní aago mẹ́wàá ku ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, tẹlifíṣọ̀n àti gbogbo fóònù dúró gbagidi nínú ilé.

"Bàbá tún ti dé o," ni àkọ́bí wí láti pálọ̀.

Nọ́ọ̀sì ṣí kọ̀ǹpútà rẹ̀ tìbẹ̀rùtìbẹ̀rù. Ojú olùdánwò mọ́ kedere, o lè ka irun àgbọ̀n rẹ̀. Odidi wákàtí méjì, kò já lẹ́ẹ̀kan. Nígbà tí wọ́n sọ fún un pé ó yege, ó mí kanlẹ̀, ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín.

Lọ́sẹ̀ náà ni ìyá wọn tó lè fọ ẹ̀wù iṣẹ́ omi tí Bàbá ṣì máa ń wọ̀. Ìwé kékeré kan wà lápò rẹ̀. "Nọ́ọ̀sì mi. Ọjọ́bọ̀, aago mẹ́wàá ku ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ti gbogbo wọn pa. Ṣí tirẹ̀ gbalasa. Mo ti tò ó sínú ẹ̀rọ sílẹ̀." Páásíwọ̀ọ̀dù wà nísàlẹ̀ rẹ̀.

Àkọ́bí ní kí wọ́n tú gbogbo ìdíwọ̀n náà ká. Nọ́ọ̀sì ní ó dìgbà tóun bá wò ó ná. Orúkọ tó kẹ́yìn nínú ẹ̀rọ náà ni "Èmi", fóònù Bàbá fúnra rẹ̀. Ìpín tiẹ̀ ló kéré jù nínú ilé. Abájọ. Bí wọ́n bá fi fọ́tò ọmọ-ọmọ ránṣẹ́ sí i, Bàbá á ní, "Mo ti rí orí ọmọ, ẹ ní sùúrù, ẹsẹ̀ ń bọ̀." Wọ́n rò pé àwàdà ló ń ṣe.

Nọ́ọ̀sì fi ìdíwọ̀n àwọn yòókù sílẹ̀ bó ṣe wà. Fóònù Bàbá wà nínú dúrọ́ọ̀, wọ́n ti pa á. Síbẹ̀, gbogbo ohun tó ṣẹ́kù nínú íńtánẹ́ẹ̀tì ilé náà ni ó fún "Èmi".

"Ó ti tó báyìí, Bàbá," ló wí. "Ẹ wo ẹsẹ̀ ọmọ."