Tísà Akínsànyà àti Píánò Tí Kì Í Dún

Bí ẹ bá dé Oǹdó tí ẹ dárúkọ olóògbé Tísà Akínsànyà, ìtàn sójà ni wọn yóò kọ́kọ́ sọ fún yín. Ọdún tí ojú gbogbo ayé rí màbo lọ́wọ́ Sáàpù, ètò ìfúnlẹ́gbẹ̀ẹ́ ìjọba ológun, ni. Tísà wọ takisí lọ kọ́ni ní Àkúrẹ́, ó gbé pákó gígùn kan lé itan, orí pákó náà sì yọ jáde lójú fèrèsé. Bí wọ́n ṣe dé ibi tí àwọn sójà ti ń dá ọkọ̀ dúró, ọ̀kan fi ìbọn rẹ̀ kan pákó náà.

"Baba, wetin be dis?"

"Píánò ni," ni Tísà fèsì.

Sójà wo pákó náà tòkè tilẹ̀. Wọ́n fi ọ̀dà funfun àti dúdú kun ún, ṣùgbọ́n kò ní wáyà, kò ní àpótí. "Piano? Oya, play am make I hear."

Ẹlòmíràn ì bá bẹ̀bẹ̀. Tísà sọ̀ kalẹ̀, ó tẹ́ pákó sórí bọ́nẹ́ẹ̀tì, ó nu ọwọ́ mọ́ ṣòkòtò, ó sì bẹ̀rẹ̀. Ìka ń sáré, ẹnu ń dún: "Sọ́ọ̀, mí, fá, sọ́ọ̀!" Ó ń fi imú kọ ohùn òkè, ó ń fi ọ̀fun kọ ohùn ìsàlẹ̀. Monílọ́lá, akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ tí wọ́n jọ ń lọ, fi gèlè bo ojú lẹ́yìn ọkọ̀. Ọkọ̀ mẹ́sàn-án ti tò sẹ́yìn wọn kí sójà tó ní, "Baba, e don do. Carry your wood dey go." Tísà kò tilẹ̀ gbójú sókè. Ó ní, "Ó ku ojú ìwé mẹ́ta." Sójà náà ló wá ń bẹ̀ ẹ́.

Kì í ṣe pé orí Tísà dàrú o. Ní ilé ẹ̀kọ́ tó ti ń kọ́ni tẹ́lẹ̀, píánò gidi ló ń tẹ̀, títí ikán fi sọ inú rẹ̀ di ilé. Kò sí ẹni tó lówó òmíràn. Nígbà tí Tísà fẹ̀yìn tì, ó lọ sí sọ́mìlì, ó gba pákó apá kan, ó kan igi wẹ́wẹ́ mọ́ ọn fún àwọn dúdú, ó sì gbé e sí pálọ̀ rẹ̀ ní Òkèlísà. Pákó náà kò gùn tó. Nítorí náà, ó kun àwọn ohùn tó ga jù sórí àpótí ìjókòó kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, bí orin bá ti gòkè, kí akẹ́kọ̀ọ́ fò sórí àpótí. Ibẹ̀ gan-an sì ni ìyàwó rẹ̀, Leah, tí gbogbo wa ń pè ní Màmá, fẹ́ràn láti jókòó bó ẹ̀gúsí.

"Ìyá Yọ̀mí, dìde! Orí dó lo jókòó lé!"

"Dó á dúró kí n bó ẹ̀gúsí mi tán," ni Màmá máa ń wí. Dó á sì dúró.

Àwọn àgbà atẹpíánò òkè òkun ni Tísà ní lólùkọ́, orí rédíò ló sì ti mọ̀ wọ́n. Láti àárọ̀ Ọjọ́bọ̀ ni yóò ti sá báátìrì rẹ̀ sínú oòrùn kí ẹ̀mí lè padà sí i. Bó bá di ìrọ̀lẹ́, yóò gbé etí lé rédíò, kò ní jẹ́ kí ẹnikẹ́ni wúkọ́. Bí àwọn ọ̀gá náà bá ṣe dáadáa, á dọ̀bálẹ̀ fún rédíò. Bí wọ́n bá sáré, á pariwo mọ́ wọn: "Ta ní ń lé ọ?" Ó tilẹ̀ kọ lẹ́tà sí ará Jámánì kan pé àtàǹpàkò òsì rẹ̀ wúwo jù. Monílọ́lá béèrè bí ó ṣe rí àtàǹpàkò ènìyàn lórí rédíò. "Ṣé ojú la fi ń rí àtàǹpàkò ni?" ni Tísà bi í padà, inú rẹ̀ ò sì dùn títí ilẹ̀ fi ṣú.

Ìgbín ló fi ń kọ́ ọwọ́ rírọ̀. Yóò gbé ìgbín lé ẹ̀yìn ọwọ́ rẹ, yóò ní kí o máa tẹ̀ lọ. "Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Bó bá wọ inú ìkarahun, ò ń fi ìbínú tẹ̀ ẹ́ nìyẹn. Bó bá yọ ìwo, o ti ń gbọ́n." Oṣù mẹ́rin ni ìgbín yẹn fi yẹ ọwọ́ Monílọ́lá wò. Lọ́jọ́ kan ó dé, kò rí i mọ́, Màmá ti fi se ọbẹ̀. Tísà jẹ ẹ́ tán, ó lá ìka. "Olùkọ́ gidi ni," ló wí.

Monílọ́lá máa ń rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ẹ̀rín kò pọ̀ nílé tirẹ̀. Ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ló ti ń kọ́ni, ó sì ti tó oṣù méje tí wọn kò san owó oṣù. Iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ Ayọ̀kúnlé ọkọ rẹ̀, onílé sì ti ní kí wọ́n kó jáde kí ọdún tó parí. Ìgbà yẹn ni wọ́n gbọ́ pé ìjọ kan ní Alágbàká, ní Àkúrẹ́, ń wá ẹni tí yóò máa tẹ píánò. Ilé oníyàrá méjì wà pẹ̀lú iṣẹ́ náà.

"Mi ò fọwọ́ kan píánò gidi rí, sà," ni Monílọ́lá wí.

"Kí ni wọ́n fi ń tẹ píánò? Ìka ni. Ṣé ìka rẹ kì í ṣe gidi ni?"

Bó ṣe dá gba Àkúrẹ́ lọ nìyẹn, òun nìkan. Àwọn mẹ́ta ló jókòó láti gbọ́ ọ: àlùfáà, Olóyè Olúgbémiga tó jẹ́ alága, àti Ìyá Ìbídùnní, àgbà akọrin, ọmọ Àkúrẹ́ pọ́ńbélé. Àwọn méjì ti tẹ̀ ṣáájú Monílọ́lá, wọ́n sì mọ̀ ọ́n tẹ̀. Ó jókòó, ó gbàdúrà, ó gbé ìka lé e. Ohun tó gbé ìka lé sì lọ sísàlẹ̀.

"Yéè! Ó rì!" Ó fa ọwọ́ yọ bí ẹni tí iná jó. "Ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ forí jì mí, mi ò tẹ̀ ẹ́ líle!"

Ó rò pé òun ti bà á jẹ́ ni. Pákó Tísà kì í rì. Fìlà Olóyè fò sílẹ̀ níbi tó ti ń rẹ́rìn-ín. Monílọ́lá rántí yàrá méjì yẹn, omi dé ojú rẹ̀. Ó dijú, ó ní lọ́kàn ara rẹ̀ pé pákó ni, ó sì bẹ̀rẹ̀. Orin ń jáde lábẹ́ ìka rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹnu rẹ̀ náà kò dákẹ́: "Sọ́ọ̀, mí, fá, sọ́ọ̀!" títí ó fi parí.

"Kí ló dé tó o tún ń kọ ọ́?" ni Olóyè béèrè, ó ṣì ń nu ojú.

"Tí mi ò bá kọ ọ́, ta ló máa kọ ọ́, sà?"

Olóyè ní kí ó kọ ohùn ìsàlẹ̀ nìkan. Ó kọ ọ́, kò wo ìwé. Ó ní kí ó kọ ti àárín. Ó kọ ọ́. Ìyá Ìbídùnní dìde dúró: "Uṣẹ́ ńlá rèé! Àwọn tó kù mọ píánò tẹ̀, èyí mọ orin kọ́ni!" Ọjọ́ yẹn náà ni wọ́n gbé kọ́kọ́rọ́ ilé lé e lọ́wọ́.

Nígbà tí ó padà sí Oǹdó láti lọ dúpẹ́, ó sọ bí píánò ṣe rì. Tísà rẹ́rìn-ín, ó rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi gbé e. Lẹ́yìn náà, ó wo ọwọ́ ara rẹ̀.

"Mo gbàgbé ni o, Monílọ́lá. Ọdún méjìlélógún rèé tí mo ti fọwọ́ kàn án gbẹ̀yìn. Mo gbàgbé pé ó máa ń rì."

Ọ̀rọ̀ yẹn wọ Monílọ́lá lákínyẹmí ara. Ọkùnrin yìí ti fún un ní ohun tí òun fúnra rẹ̀ kò ní. Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, ó wá mú Tísà àti Màmá lọ sí Alágbàká. Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn ìyẹn ni Tísà sùn tí kò jí mọ́, gbogbo Òkèlísà sì sin ín pẹ̀lú ẹkún àti ẹ̀rín. Bí Monílọ́lá bá ń dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, ọ̀sán Sátidé yẹn ló máa ń kọ́kọ́ dúpẹ́ fún.

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, Tísà jókòó nídìí píánò ìjọ náà pẹ́ kí ó tó fi ìka kan tẹ̀ ẹ́. Ó rì, ó sì dún. Ó wẹ̀yìn wo Màmá bí ọmọdé tó rí ìyá rẹ̀ lọ́nà ọjà. Ó wá tẹ orin ìyìn kan, díẹ̀díẹ̀, ẹnu rẹ̀ kò sì mì rárá. Nígbà tó dúró, Monílọ́lá kúnlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

"Ẹ ṣé, sà. Ẹ ṣeun gan-an ni."

"Dákẹ́," ni Tísà wí, omijé ń bọ́ sí i lágbọ̀n. "Ó ku ẹsẹ mẹ́ta."