Ìwé Òkú tí Nedyalka Ha Kúrò Lára Ògiri

Bàbá Krum ló kọ́ Nedyalka níṣẹ́: kí èèyàn ya ibi tí fíìmù yóò ti ṣẹlẹ̀ sínú ìwé, kó sì rí i pé àwa káfíńtà àti akunlé kọ́ ọ bẹ́ẹ̀. Nígbà tó yá, àwọn ọ̀gá ilé iṣẹ́ fíìmù ní Sofia gba iṣẹ́ lọ́wọ́ bàbá, wọ́n gbé e fún Nedyalka, kò sì kọ̀ ọ́. Bàbá bínú kó lọ sí ìlú kékeré Sredna Vrana. Ó ní òun ò ní fojú kan iṣẹ́ ọmọ náà mọ́ láéláé.

Nígbà tí fíìmù ayé àtijọ́ kan dé, Nedyalka ní Sredna Vrana náà la máa lò, àfi ibẹ̀. Gbogbo wa mọ ohun tó ń wá.

"Tí mo bá parí òpópónà yìí, màá lọ kúnlẹ̀ fún un kó wá wò ó. Kó bú mi, kó ṣáà wò ó," Nedyalka ní.

"Ẹ lọ báyìí, Àǹtí," mo ní. "Àgbàlagbà ni."

"Kí n lọ fi iṣẹ́ àbọ̀ hàn án? Rumen, ṣé o fẹ́ kó tún lé mi ni?"

Olórí kunkun! Ó fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀, ó ń pa làpálàpá.

Lọ́dọ̀ tiwa, tí èèyàn bá kú, ìwé la fi ń kéde rẹ̀: àwòrán òkú, orúkọ rẹ̀ àti wákàtí ìsìnkú, a ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ ilẹ̀kùn, mọ́ òpó iná, mọ́ ara ilé búrẹ́dì. Ìwé wọ̀nyí pọ̀ lára ògiri òpópónà náà, tuntun lórí ògbólógbòó. Nedyalka kò jẹ́ ká fọwọ́ kàn wọ́n, ká má baà ba ògiri jẹ́. Òun fúnra rẹ̀ ló mú ọ̀bẹ pẹlẹbẹ, ó ha gbogbo rẹ̀ dànù láàárọ̀ ọjọ́ kan. Lẹ́yìn náà la lẹ tirẹ̀ mọ́ ọn, ìwé òkú aránbàtà ayé àtijọ́ kan tí ìyá kankan kò bí rí.

Kò pẹ́ táwọn ìyá àgbà fi bẹ̀rẹ̀ sí í dúró níwájú ẹ̀. Ọ̀kan fi òdòdó méjì sílẹ̀, nítorí méjì-méjì la ń fún òkú ní òdòdó. A rẹ́rìn-ín títí. "Wọ́n gbà á gbọ́!" Nedyalka ń jó. Mi ò rí i kí inú rẹ̀ dùn tó bẹ́ẹ̀ rí.

Lọ́jọ́ kejì, ó wọ aṣọ tó dáa, ó ní kí n sin òun lọ. Aṣọ dúdú ọ̀fọ̀ ló wà lẹ́nu ọ̀nà bàbá. Màmá Stamena, ìyàwó rẹ̀, jókòó síta.

"Àná la sin ín," màmá ní. "Èmi, àlùfáà àti àwọn tó gbẹ́ ilẹ̀. Èmi fúnra mi ni mo lẹ ìwé ẹ̀ káàkiri, ẹnì kan ò wá. Ṣé bí wọ́n ṣe kórìíra Krum tó nìyẹn?"

Màmá yíjú sí Nedyalka.

"Ó gbọ́ pé o wà nílùú. Ojoojúmọ́ ló ń wọ ẹ̀wù kóòtù ẹ̀ jókòó síbí. Ó ní, 'Ọmọ yẹn á wá pè mí wá wo iṣẹ́ ẹ̀.'"

A padà síbi àpò pàǹtí tí a kó àwọn ìwé tó ha sí. A tú u títí a fi rí àwòrán bàbá lórí ìwé òkú rẹ̀, ọ̀bẹ ti la ojú rẹ̀ sí méjì. Àánú Nedyalka ṣe mí débi tí mi ò lè wò ó lójú.

"Àǹtí, ẹ ò mọ̀ pé òun ni. Ẹ ò rí i."

"Mo rí i, Rumen," ó ní. "Mo wo ojú ẹ̀ dáadáa. Ohun kan ṣoṣo tó wá sí mi lọ́kàn ni pé ìwé yẹn ti funfun jù fún ayé àtijọ́."