Cornelius Tó Ń Kọ Àwàdà Sí Mi Lẹ́nu

Ẹ má pè mí ní aláwàdà lónìí, ó ti rẹ̀ mí. Ọ̀rọ̀ Cornelius ni mo fẹ́ sọ, ẹni tí ẹ ò mọ̀ rí, ẹ̀bi mi sì wà níbẹ̀.

Nígbà tí a ṣì ń gbé eré kiri láti ìlú dé ìlú, kò sí ẹni tó ń kọ eré sílẹ̀ nínú ẹgbẹ́ wa. Ọ̀gá á sọ ìtàn, kálukú á wá ọ̀rọ̀ tirẹ̀ sọ. Cornelius nìkan ló ń kọ ọ́ sínú ìwé ọmọ iléèwé. Akólòlò ni, kò lè ṣeré, àmọ́ ohun tó bá kọ sí ẹ lẹ́nu, òkú á rẹ́rìn-ín.

Nígbà tí eré wa di fíìmù, orúkọ ọ̀gá ló jáde pé òun ló kọ ọ́. Ẹni tó lẹrú ló lẹrù, àbí? Aráàlú ní orí mi ni gbogbo àwàdà yẹn ti ń jáde. Mo gbọ́, mo dákẹ́, mo tún ń fi yangàn. Olè ni mí, ẹ jẹ́ n sọ ọ́ bẹ́ẹ̀.

Ní 1981, ó bínú lọ sí Houston, ní Amẹ́ríkà. Ọdún mẹ́fà lẹ́yìn náà ni èmi náà gbé fíìmù yẹn débẹ̀, kí àwọn ọmọ Nàìjíríà wò ó ní gbọ̀ngàn kan ní Stafford, nítòsí Houston. Ilé Cornelius ni mo dé sí. Háà, ó ti gbó! Ilé iṣẹ́ kẹ́míkà kan ní La Porte ló ti ń tọ́jú páìpù, wákàtí méjìlá lóòjọ́. Bó bá wọlé, orí àga ló ń sùn sí, tòun ti bàtà.

Láàárọ̀ Sátidé tí a máa fi fíìmù hàn, ó bá mi ní kíṣìnnì.

"Ẹ̀-ẹ̀gbọ́n, Bùnmi ò gbà mí gbọ́."

Adébùnmi ìyàwó ẹ̀ ló ń sọ. Houston ni wọ́n ti pàdé. Bó bá ti ní òun ló kọ fíìmù yẹn, obìnrin náà á ní, "Ìwọ tó ò lè sọ gbólóhùn kan já? Please!"

"Ẹ dá-dárúkọ mi níwájú èèyàn, kó gbọ́. Ẹ̀ẹ̀kan péré. Mi ò fẹ́ nǹkan míì."

Ojú tì mí. Mo búra fún un.

Nígbà tí fíìmù parí, wọ́n ní kí n bọ́ síwájú. Mo ní, "Gbogbo àwàdà tí ẹ gbọ́ yẹn, tèmi kọ́. Cornelius tó jókòó lẹ́yìn yẹn ló kọ ọ́." Wọ́n yíjú wò ó. Ó dìde, ó fẹ́ sọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ há sí i lẹ́nu. Gbọ̀ngàn bú sẹ́rìn-ín! Wọ́n rò pé a jọ ṣètò ẹ̀ ni. Mo ní mi ò ṣeré, mo fi ìyá mi búra. Ẹ̀rín tún le sí i. Inú bí mi, mo pariwo, "Ẹ̀yin òpònú wọ̀nyí, ẹ gbọ́ tèmi!" Yéè! Ohun tí mò ń sọ nínú fíìmù gan-an nìyẹn, Cornelius ló sì kọ ọ́. Àwọn kan ń fẹsẹ̀ janlẹ̀.

Adébùnmi wá bá mi, ó ń nu omijé ẹ̀rín. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ ò ní fẹ̀rín pa wá! Ẹ tiẹ̀ tún fi ọkọ mi ṣẹ̀fẹ̀."

Mo wojú Cornelius. Ó ní, "Ẹ ṣ-ṣé, ẹ̀gbọ́n. Ẹ jẹ́ á máa lọ, mo níṣẹ́ lọ́la." Ó ju kọ́kọ́rọ́ mọ́tò sí ìyàwó ẹ̀, ó ní kó wà wá lọ sílé. Láti ọjọ́ yẹn, kò sọ fún un mọ́ pé òun kọ nǹkan kan rí.